Bí Mo Ṣe Pa Ìlú Bàbá Mi Rẹ́ Níbi Tí Mo Ti Ń Kó Géèmù Jọ Sójú Kan

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ fún mi láyè kí n ro ẹjọ́ ara mi fún yín. Ẹ mọ̀ mí sí ẹni tó máa ń wá síbí wá bú àwọn oníṣẹ́ ọwọ́. Mo ti bú ẹni tó ba jẹnẹrétọ̀ mi jẹ́, mo ti bú ẹni tó gé ṣòkòtò mi kúrú, mo sì ti bú ẹni tó kun ilé wa ní ọ̀dà tí n kò yàn. Lónìí náà, mo fẹ́ bú èèyàn. Ẹ ní sùúrù, ẹ óò rí ẹni náà.

Ẹ kọ́kọ́ mọ̀ pé mo fẹ́ràn géèmù kọ̀ǹpútà. Mo ti lé ní ogójì ọdún, mo níyàwó, mo bímọ mẹ́ta, mo sì ń ṣe géèmù. Ẹni tó bá fẹ́ rẹ́rìn-ín kó rín in. Àwọn tó ń fa aṣọ ya mọ́ ara wọn lọ́rùn ní àdúgbò Challenge nítorí ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù ìlú òyìnbó tí kò mọ̀ pé wọ́n wà láyé, ṣé àwọn ni wọ́n á wá bú mi?

Àwọn tó ń ta géèmù gan-an ló ń rí mi fín. Láyé àtijọ́, o ra CD, o tì í bọ inú kọ̀ǹpútà, ó parí. Ní báyìí, ilé ìtajà mẹ́rin ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ lórí íńtánẹ́ẹ̀tì ni géèmù mi wà. Ọ̀kan á ní àfi kí n tẹ nọ́ńbà tí òun ṣẹ̀ṣẹ̀ fi ránṣẹ́ sórí fóònù mi. Òmíràn á ṣe bí ẹni tí kò mọ̀ mí rí, á ní kí n tún páásíwọ́ọ̀dù kọ. Ẹ̀kẹta á jẹ dátà mi tán lórí update kó tó jẹ́ kí n fọwọ́ kan ohun tí mo fi owó ara mi rà! Ẹ̀kẹrin ní tirẹ̀ a máa pín géèmù lọ́fẹ̀ẹ́, èmi olójúkòkòrò sì ń gbà á. Mo ní géèmù tó lé ní igba. Mélòó ni mo ti ṣe nínú ẹ̀? Ẹ má bi mí.

Ká ní wàhálà èmi nìkan ni, n kò ní máa kọ ọ̀rọ̀ yìí. Bàbá mi ló bá a lọ.

Wọnlẹ̀wọnlẹ̀ ni bàbá mi kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì. Wọ́n ti wọn ilẹ̀ láti Ojoo títí dé Olúyọ̀lé, wọ́n sì fi gbogbo ayé wọn bínú sí Ìbàdàn nítorí pé àwọn èèyàn ò kọ́lé sórí ìlà. Ní nǹkan bí ọdún mẹ́ta sẹ́yìn, àìsàn rọpárọsẹ̀ kọlù wọ́n. Ọlọ́run ṣeun, wọ́n rìn padà, ṣùgbọ́n ọwọ́ ọ̀tún wọn ò gbọ́ràn sí wọn lẹ́nu mọ́. Ní ọsibítù, ẹni tó ń bá wọn na ọwọ́ náà fún wọn ní bọ́ọ̀lù rọ́bà kan, ó ní kí wọ́n máa fún un mọ́ ọwọ́ lójoojúmọ́ kí ìka wọn má baà ká. Bàbá mi wo bọ́ọ̀lù náà títí, wọ́n wá bi mí bóyá mo rí eyín ọmọdé lẹ́nu àwọn.

Ni mo bá ra géèmù ìlú kíkọ́ fún wọn. Ilẹ̀ gbalasa ni wọ́n máa fún èèyàn nínú ẹ̀. Ìwọ lo máa la títì, ìwọ lo máa fa omi àti iná, àwọn èèyàn á sì máa kó wá síbẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Mo gbé kọ̀ǹpútà mi àtijọ́ lọ sí pálọ̀ wọn ní Baṣọ̀run, mo kọ́ wọn bí wọ́n ṣe ń di mouse mú, mo sì rò pé láàárín ọ̀sẹ̀ kan ó máa sú wọn.

Ó sú wọn kẹ̀! Ọdún méjì gbáko ni wọn ò kúrò nídìí ẹ̀. Tí wọ́n bá ti jẹun àárọ̀ tán, ó di ìdí kọ̀ǹpútà. Títì ìlú wọn gún régé, gọ́tà wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ gbogbo ẹ̀, kò sí ilé kan tó yọrí sójú títì bíi ti àwọn aládùúgbò wa kan tí n kò ní dárúkọ. Orúkọ àwọn wọnlẹ̀wọnlẹ̀ ẹgbẹ́ wọn tó ti ṣaláìsí ni wọ́n fi sọ àwọn òpópónà. Èyí tó gùn jù, tó la àárín ìlú já dé etí odò, Sìkírátù ni wọ́n sọ ọ́. Ìyá mi nìyẹn, kí Ọlọ́run ó kẹ́ wọn. Ọwọ́ tí kò lè gbé ṣíbí ọbẹ̀ débi ẹnu ló fa títì yẹn, ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n sì fi fà á kó tó gún bí wọ́n ṣe fẹ́.

Nígbà tó yá, wọ́n ti ń fi ọwọ́ náà di bọ́tìnnì aṣọ wọn. Ẹni tó ń na ọwọ́ wọn ní ọsibítù ní ohunkóhun tí a bá ń ṣe, kí a má dá a dúró.

Ẹ wá wo ohun tí mo ṣe. Ilé ìtajà tó ń pín ọ̀fẹ́ pín géèmù yìí gan-an lọ́jọ́ kan. Mo ti rà á níbòmíràn, ó sì wà lórí kọ̀ǹpútà bàbá mi. Kí ni mo tún ń wá? Ọ̀fẹ́ ni! Mo gbà á, mo sì tún gbé e sórí kọ̀ǹpútà wọn kan náà, pé bóyá tuntun á yá ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Báyìí ni géèmù kan ṣe di méjì, orúkọ kan, àwòrán kan, ilé ìtajà ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀.

Kò pé ọ̀sẹ̀ méjì tí bàbá mi pè mí ní ọ́fíìsì ní Dugbe. Wọ́n kígbe: “Wàídì, ìlú mi ti lọ! Mo ṣí i, ilẹ̀ lásán ni mo bá!”

Èyí tuntun ni wọ́n ṣí. Mo júwe fún wọn lórí fóònù, wọ́n ṣí ti àkọ́kọ́, ìlú wọn sì wà níbẹ̀ láìfarapa. Lẹ́yìn náà, mo rojọ́ ẹ̀ fún gbogbo ọ́fíìsì, a sì fi bàbá mi rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Ẹ máa rántí pé èmi yìí ni mo gbé méjèèjì síbẹ̀ o.

Mo wá ṣèlérí fún wọn. Mo ní launcher kan wà tó máa ń kó géèmù láti gbogbo ilé ìtajà jọ sójú kan ṣoṣo, kéèyàn má baà máa ti ìloro ẹnì kan bọ́ sí ti ẹlòmíràn. Mo ní màá gbé e sórí kọ̀ǹpútà wọn, màá sì yọ èyí tí kò wúlò kúrò. Lọ́jọ́ Àìkú tó tẹ̀lé e, mo gbé launcher náà síbẹ̀, ó sì kó ohun gbogbo jọ lóòótọ́, títí kan géèmù méjì náà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Ó wá ku kí n yọ ọ̀kan. Wọ́n pè mí sí ìsọmọlórúkọ, mo gbéra, mo ní màá parí ẹ̀ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀.

Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ yẹn di ọ̀sẹ̀ mẹ́rin. Ó sú bàbá mi, wọ́n sì ránṣẹ́ pe Ìyá Ìbejì.

Ìyá Ìbejì ní ṣọ́ọ̀bù ní Agbowo. Ó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe, ó ń bá àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tẹ̀wé, ó sì ń ta míńírà tútù. Ṣé ṣọ́ọ̀bù nìyẹn àbí ìpàdé ẹbí? Òun ló tún ẹ̀rọ ìtẹ̀wé aládùúgbò bàbá mi ṣe, ìyẹn ni wọ́n ṣe mọ̀ ọ́n. Nígbà tí wọ́n sọ fún mi pé òun ló máa parí iṣẹ́ náà, mo pòṣé. Kọ̀ǹpútà tí mo fi ọwọ́ ara mi tò! Mo ní kí wọ́n kìlọ̀ fún un kó má gbé ìgò míńírà sórí ẹ̀. Bàbá mi ní obìnrin náà ní sùúrù. Mo ní sùúrù kọ́ ni wọ́n fi ń tún kọ̀ǹpútà ṣe.

Ní nǹkan bí aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tó lọ síbẹ̀, ó pè mí. Mo wà láàárín àwọn ẹlẹgbẹ́ mi ní ọ́fíìsì. Mo ṣẹ́jú sí wọn, mo sì tẹ fóònù kó máa sọ̀rọ̀ síta kí gbogbo wọn lè gbọ́ bí mo ṣe máa dá a lóhùn. Ẹ ò rí ìwà?

“Ẹ kú iṣẹ́ o, Bọ̀dá Wàídì. Bàbá ti lọ kírun Alásárì, wọ́n ní kí n máa bá iṣẹ́ lọ, pé tí nǹkan kan bá rú mi lójú kí n pè yín. Géèmù wọn yìí, ìbejì ni mo bá o.”

“Mo mọ̀. Ìyẹn náà la ṣe pè yín.”

“Kó má baà dà rú mọ́ wa lójú, mo ti kọ Táyé sára èyí tó kọ́kọ́ wọlé, mo kọ Kẹ́hìndé sára ìkejì ẹ̀. Èwo ni ká yọ nínú àwọn méjèèjì?”

Ẹ̀rín pa wá ní ọ́fíìsì. Táyé àti Kẹ́hìndé! Nínú kọ̀ǹpútà! Ṣé ó máa se ẹ̀wà fún wọn pẹ̀lú ni? Mo yínmú sí fóònù bí ẹni pé ó lè rí mi.

“Ìyá Ìbejì, ṣé ìyẹn náà tún le? Ẹ yọ àbúrò dànù, kí ẹ fi ẹ̀gbọ́n sílẹ̀!”

“Ẹ̀gbọ́n lẹ ní kí n fi sílẹ̀?”

“Ẹ̀gbọ́n!”

“Mo ṣe ń bi yín ni pé ẹrù pọ̀ nínú folder àbúrò yìí gan-an o. Ti ẹ̀gbọ́n ló fúyẹ́.”

“Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kọ́ mi níṣẹ́! Ohun tó jẹ́ ti àbúrò, ẹ nù ún mọ́ pátápátá, kó má máa gba àyè.”

“Ó dáa, sà. Mo ti gbọ́.”

Mo pa fóònù, mo sì na ọwọ́ fún àwọn ẹlẹgbẹ́ mi bí ẹni tó gbá bọ́ọ̀lù sáwọ̀n. Gbogbo wọn ló ń rẹ́rìn-ín, àfi Màmá Tóyìn tí wọ́n máa ń gba àlejò ní ọ́fíìsì wa. Màmá náà ò rẹ́rìn-ín rárá. Wọ́n kàn ń wò mí láti orí jígí ojú wọn.

“Wàídì,” wọ́n ní, “nínú ìbejì, ta ni ẹ̀gbọ́n?”

“Ṣebí Táyé ni, òun ló kọ́kọ́...”

Mo sáré gbá fóònù mú padà.

Ẹ̀yin náà ti mọ̀ ọ́n. Gbogbo ọmọ Yorùbá ló mọ̀ ọ́n. Táyé ló kọ́kọ́ jáde, ṣùgbọ́n àbúrò ni. Kẹ́hìndé ló rán an pé kó lọ tọ́ ayé wò. Ọmọ jẹ́léósinmi mọ̀ ọ́n! Èmi náà mọ̀ ọ́n, wọ́n sì bí ìbejì nínú ẹbí wa. Ṣùgbọ́n kọ̀ǹpútà ti kó sí mi lórí débi pé ohun tó bá kọ́kọ́ wọlé ni ẹ̀gbọ́n lójú mi. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ fi ẹnu ara mi ní kí wọ́n nu ìlú bàbá mi mọ́.

Mo pe Ìyá Ìbejì, kò gbé e. Mo tún pè é lẹ́ẹ̀mejì, kò gbé e. Lẹ́ẹ̀kẹrin, ó gbé e, inú ẹ̀ sì ń dùn. “Mo ti ń parí ẹ̀ lọ nígbà tẹ́ ẹ ń pè, ẹ má bínú. Ó ti mọ́ fóo, sà!”

N kò mọ bí mo ṣe dé Baṣọ̀run. Mo kàn mọ̀ pé mo bá awakọ̀ takisí jà nítorí pé ó ń wa ọkọ̀ bí ó ṣe yẹ kí wọ́n máa wà á. Nígbà tí mo wọlé, bàbá mi ti dé láti mọ́sálásí. Wọ́n jókòó síwájú kọ̀ǹpútà, ọwọ́ ọ̀tún wọn wà lórí mouse. Launcher náà ṣiṣẹ́ o, n kò ní parọ́ mọ́ ọn. Géèmù kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀, wọn ò ní láti wá a káàkiri mọ́. Wọ́n ti tẹ̀ ẹ́. Ilẹ̀ gbalasa ló wà níwájú wọn, koríko àti odò nìkan.

Èmi ni mo bẹ̀rẹ̀ ariwo. Mo bi Ìyá Ìbejì tó ṣì wà níbẹ̀ pé ta ló ní kó yọ Táyé.

Obìnrin náà ò tilẹ̀ gbé ohùn sókè. “Ẹ̀yin ni, sà. Ẹ ní kí n yọ àbúrò. Èmi tí mo bí wọn, ṣé mi ò ní mọ èyí tó jẹ́ àbúrò ni? Mo bi yín lẹ́ẹ̀kejì. Mo sọ fún yín pé ẹrù wà nínú ẹ̀.”

Mo ní ẹ̀gbọ́n tí mo wí, èyí tó dàgbà jù ni! Ó ní Kẹ́hìndé náà ló dàgbà jù. Mo ní kọ̀ǹpútà ni à ń sọ, kì í ṣe ọ̀rọ̀ ọmọ bíbí! Mo ní ibi tí wọ́n ti ń ta míńírà ló yẹ kó jókòó sí. Bẹ́ẹ̀ ni o, mo sọ ọ́, lójú bàbá mi, fún obìnrin tí kò ṣẹ̀ mí.

Bàbá mi gbé ọwọ́ òsì sókè pé kí n dákẹ́. Wọn ò wo ojú mi. “Fi obìnrin yìí sílẹ̀. Òun gbọ́ Yorùbá. Ìwọ lò ń sọ Yorùbá tí o ò gbọ́.”



Ẹ̀yin tí ẹ mọ kọ̀ǹpútà, mo mọ ohun tí ẹ fẹ́ bi mí. Backup ńkọ́? Ṣé ilé ìtajà náà kì í tọ́jú ẹ̀dà ìlú náà pa mọ́ lórí íńtánẹ́ẹ̀tì ni? Ó máa ń tọ́jú ẹ̀. Èmi ni mo pa á, nítorí pé ó ń jẹ dátà. Ṣé ẹ ti ń rí ẹni tí mo wá bú?

Mo sáré kọ ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí àwọn ọ̀rẹ́ mi méjì kan tí wọn kì í jẹ́ ká sinmi lórí WhatsApp, àwọn ọ̀gá onímọ̀ ẹ̀rọ. Ọ̀kan ní kí n lọ ra kọ̀ǹpútà tuntun. Èkejì ka ọ̀rọ̀ mi, kò fèsì títí dòní. Ìyá Ìbejì tí mo bú ló gbé kọ̀ǹpútà náà lọ sí Agbowo. Ọjọ́ márùn-ún ló fi wá ìlú yẹn. Kò rí i.

Láàárín ọjọ́ márùn-ún yẹn, bàbá mi ò ṣe nǹkan kan. Mo gbé kọ̀ǹpútà mi lọ fún wọn, wọn ò fọwọ́ kàn án. Mo gbé bọ́ọ̀lù rọ́bà fún wọn, wọ́n gbé e sórí fèrèsé. Nígbà tó di ọjọ́ kẹrin, àbúrò mi obìnrin tó ń gbé lọ́dọ̀ wọn pè mí, ó ń sunkún. Ó ní wọn ò lè di bọ́tìnnì aṣọ wọn ní àárọ̀ yẹn, pé ìka wọn ti ń ká padà sínú. Ẹ̀rù bà mí. Ìlú orí kọ̀ǹpútà ni mo rò pé mo pa rẹ́, ọwọ́ bàbá mi ni mo fẹ́ pa.

Ìyá Ìbejì dé lọ́jọ́ kẹfà pẹ̀lú kọ̀ǹpútà náà àti bébà ńlá kan tó ká rọ́bọ́tọ́ sábẹ́ apá. Ó ní òun ò rí ìlú náà, ṣùgbọ́n òun rí àwòrán. Bàbá mi máa ń ya àwòrán ìlú náà láti òkè nígbàkigbà tí wọ́n bá parí títì kan, èmi ò sì mọ̀. Inú folder mìíràn ni àwọn àwòrán náà ń lọ, èyí tí n kò ní kí ó nù. Ó ti to èyí tó pé jù pọ̀, ó sì tẹ̀ ẹ́ jáde sórí bébà tó fẹ̀ tó tábìlì.

Ó tẹ́ ẹ síwájú wọn. Wọ́n wò ó fún ìgbà díẹ̀. Wọ́n ní ká bá àwọn mú rúlà wá láti inú yàrá. Wọ́n fi rúlà lé òpópónà Sìkírátù, wọ́n wọ̀n ọ́n, wọ́n sì pe iye ẹ̀ fún Ìyá Ìbejì kó kọ ọ́ sílẹ̀. Mo ní kí n bá wọn kọ ọ́. Wọ́n ní rárá, pé ẹni tó máa ń gbọ́ ohun tí àwọn wí ni àwọn fẹ́.

Láti ìgbà yẹn, tó bá ti di ọjọ́ Sátidé, tí Ìyá Ìbejì bá ti ti ṣọ́ọ̀bù, ó ti di Baṣọ̀run, kí òun àti bàbá mi jọ máa tún ìlú náà kọ́. Òun ló ń jókòó sórí àga tí èmi máa ń jókòó sí. Mo tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ẹ̀, ó ní kò burú, ṣùgbọ́n kì í bá mi ṣàwàdà. Bí mo bá tibẹ̀ kọjá, mo máa ń gbọ́ tí àwọn méjèèjì ń jiyàn lórí gọ́tà.

Sátidé tó kọjá, mo lọ síbẹ̀. Bàbá mi ti la òpópónà Sìkírátù dé ìdajì. Mo rí i pé ó wọ́ díẹ̀ lápá kan, n kò sì lè mú un mọ́ra, mo na ọwọ́ sí mouse pé kí n bá wọn tún un ṣe. Wọ́n gbá ọwọ́ mi dànù. Ọwọ́ ọ̀tún ni wọ́n fi gbá a o! Ó ta mí dé ìgbọ̀nwọ́. Mo di ọwọ́ mi mú, mo ń fi ọwọ́ kejì ra á, n kò sì rántí ìgbà tí inú mi dùn báyẹn mọ́.

Ẹ̀kọ́ tó wà níbẹ̀ ò gùn. Ẹni tó bá bi yín ní ìbéèrè lẹ́ẹ̀mejì kò gọ̀. Ó ń gbà yín lọ́wọ́ ara yín ni. Tí ohùn ẹ̀ bá ti ń fa yín lẹ́rìn-ín, ẹ yáa dákẹ́ kí ẹ gbọ́ ohun tó ń wí.

Ó yá, ẹ̀yin náà, ẹ sọ tiyín. Oníṣẹ́ wo lẹ fojú di, kí ló sì ṣẹlẹ̀? Ṣùgbọ́n mo bẹ̀ yín, kí ẹ tó sọ fún wa pé òmùgọ̀ ni onítọ̀hún, ẹ kọ́kọ́ kọ ohun tí ẹ ní kó ṣe gẹ́lẹ́ sílẹ̀, kí gbogbo wa jọ kà á.